Agbe Ló Laró

Tí Màmá Àgbà bá fẹ́ yọ aṣọ nínú ìkòkò aró, á kọ́kọ́ pe àwa ọmọdé. "Ẹ wá o, ó ti fẹ́ yí!" Kò sí ohun tí a ń ṣe nílé wa ní Iléṣà nígbà náà tí a kì í jù sílẹ̀. Ayò á dúró, àgbàdo á jóná lórí ẹ̀yinná. A ó sáré lọ yí ìkòkò náà ká, a ó di imú mú, torí aró tó bá ti gbó dáadáa máa ń rùn bí ohun tó kú sínú omi. Màmá á ká apá bùbá rẹ̀ sókè, á ki ọwọ́ bọ inú ìkòkò dé ìgúnpá, á wá máa fa aṣọ náà jáde díẹ̀díẹ̀, kò sì ní jẹ́ kó ta omi sílẹ̀.

Aṣọ náà kì í jáde ní dúdú. Ohun tó ń ya àlejò lẹ́nu nìyẹn. Aṣọ tó ti wà nínú aró láti àárọ̀ á jáde ní àwọ̀ ewé, ewé tó tún ní ìyeyè nínú, bí ọ̀mùnú ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń tú. Màmá á nà án sórí okùn, á ní kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kàn án. Etí aṣọ ló máa ń kọ́kọ́ yí, níbi tí atẹ́gùn ti ń gbé e. Àwọ̀ kan bí eérú á gba etí náà, eérú á di búlúù bí ojú ọ̀run ìdájí, búlúù náà á máa wọ inú lọ, á máa ki, títí tí a kò fi ní rántí pé aṣọ ọ̀hún fìgbà kan jọ ewé. Ibi tí ó bá ti ṣẹ́ po lórí okùn ló máa ń kẹ́yìn. Ilà ewé tẹ́ẹ́rẹ́ kan á kù nínú ìṣẹ́po yẹn, gbogbo ojú wa á sì wà lára ilà náà. Màmá á rọra fi ìka kan tú ìṣẹ́po ọ̀hún, ilà náà á mí sínú atẹ́gùn, á sì lọ.

Ìgbà yẹn ni yóò ní, "Agbe ló laró, kì í ráhùn aró." Àwa náà á dáhùn pé, "Àlùkò ló losùn, kì í ráhùn osùn. Lékeléke ló lẹfun, kì í ráhùn ẹfun." A kò mọ̀ pé àdúrà ni. Lójú tiwa, orin tí wọ́n fi ń parí eré ni.

Fíìmù ni mò ń yà báyìí, mo sì ń ṣe eré ìtàgé. Mo máa ń ta aṣọ funfun ńlá kan, màá gbé maikrosikópù tí mo ti so kámẹ́rà mọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ àwọn onílù, ohun tó bá sì wà lábẹ́ awò náà á yọ gbàgàdà sára aṣọ: òdòdó kòkó tí kò tó èékánná ọmọdé, eruku ìyẹ́ labalábá, iyọ̀ tó ń dì bí omi rẹ̀ ṣe ń gbẹ, ẹ̀jẹ̀. Oníjó á máa jó níwájú rẹ̀. Ojú aṣọ yẹn náà ni mo ti ń ṣí fíìmù tí mo bá ti yà sílẹ̀. Kẹ́mísírì ni mo kà ní yunifásítì. Àwọn ẹbí mi kan gbà pé mo fi ìwé sílẹ̀ lọ ṣe tíátà, àwọn tí a sì jọ kàwé ń béèrè ìgbà tí n óò padà sídìí iṣẹ́ gidi. Mi ò bínú sí ẹnikẹ́ni. Ṣùgbọ́n ó ti pẹ́ tí mo ti fẹ́ kọ ọ́ sílẹ̀ pé mi ò kúrò níbì kan lọ síbì kan. Ìdí ìkòkò Màmá ni mo ṣì wà. Mo sì fẹ́ sọ ohun tí ìyá aláró kan kọ́ mi ní Ìrẹmọ, nílùú Ifẹ̀ níbí, torí ọ̀rọ̀ náà kò tíì kúrò lọ́kàn mi.

Ọdún kejì mi ní yunifásítì ni mo tó mọ ohun tí Màmá ń ṣe. Olùkọ́ wa ya àwòrán méjì sójú pátákó, ó ní búlúù inú ẹlú kì í yòrò nínú omi. Tó o bá dà á sómi lásán, yóò kàn rì sísàlẹ̀ bí iyanrìn ni. Kó tó lè wọ òwú, hádírójìn gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ lẹ̀ mọ́ ọn, nínú omi tó korò bí omi eérú, níbi tí ọ́síjìn kò sí. Nígbà náà ni yóò bọ́ àwọ̀ búlúù sílẹ̀, tí yóò di àwọ̀ ewé àti ìyeyè, tí yóò sì yòrò. Òwú á mu ún yó. Bí aṣọ bá ti jáde tó kan atẹ́gùn, ọ́síjìn á já hádírójìn yẹn gbà lára rẹ̀, búlúù á padà. Ṣùgbọ́n inú òwú ló padà sí báyìí, kò sì rọ́nà jáde mọ́.

Mo fi bírò sílẹ̀. Òórùn ìkòkò aró ni mò ń gbọ́ nínú kíláàsì yẹn. Àwọn kòkòrò tí ojú kò rí ló ń jẹ ọ́síjìn inú ìkòkò tán; ìdí nìyẹn tí Màmá fi ń dé e, tó fi ń fún un ní bí ọjọ́ méje, tí kì í sì í jẹ́ ká fi igi rò ó. Kò sọ̀rọ̀ ọ́síjìn fún wa rí. Ó ní, "Aró ń sùn, ẹ má jí i."

Bó bá sì fẹ́ mọ̀ bóyá omi eérú náà ti kan tó, ó ń fi ìka kan tọ́ ọ wò lórí ahọ́n ni. Á di ojú, á dákẹ́, á ní, "Ó ku díẹ̀." Ní láàbù, pépà ni wọ́n fún wa tí a ń kì bọ omi láti mọ̀ bó ṣe korò tó. Mo lo pépà yẹn fún ọdún mẹ́rin, kò sì sí ọjọ́ kan tí mo kì í bọ nǹkan kí n má rántí ahọ́n Màmá. Ó ń lọ ṣọ́ọ̀ṣì lọ́jọ́ Ìsinmi, ìwé orin rẹ̀ kì í kúrò lábẹ́ ìrọ̀rí, síbẹ̀ bí ìkòkò kan bá ń ṣagídí, mo máa ń gbọ́ ọ tó ń pe Ìyá Màpó wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, òrìṣà tó ni iṣẹ́ ọwọ́ obìnrin. Mi ò bi í léèrè rí.

Ará Jámánì kan, Adolf von Baeyer, ló tú àṣírí bí búlúù náà ṣe so pọ̀ ní 1883. Nígbà tó fi máa di 1897, ilé iṣẹ́ BASF ti ń tà èyí tí wọ́n fi kẹ́míkà ṣe. Wọ́n fún Baeyer ní ẹ̀bùn Nobel ní 1905. Aró òyìnbó yìí ló dé ọ̀dọ̀ àwọn aláró wa nígbẹ̀yìn, sóódà sì wá gba ipò eérú. Màmá náà lò ó nígbà tí ẹlú wọ́n, mi ò ní purọ́. Ṣùgbọ́n ìkòkò kan wà lẹ́yìn ilé tí kò da sóódà sí títí tó fi kú.

Àwọn tó ń bi mí pé báwo ni sáyẹ́ǹsì ṣe bá fíìmù tan kò mọ̀ pé onísáyẹ́ǹsì ló bí kámẹ́rà fíìmù. Étienne-Jules Marey, ọmọ ilẹ̀ Faransé, kò wá eré. Bí ara ènìyàn àti ẹranko ṣe ń ṣiṣẹ́ ló ń kà. Ó fẹ́ mọ bí ìyẹ́ ẹyẹ ṣe ń lọ sókè sódò, ojú kò sì lè bá a. Ní 1882, ó ṣe ìbọn kan tí kò lọ́ta. Tó bá na ìbọn yìí sí ẹyẹ tó ń fò, tó sì fà á, àwòrán 12 ni yóò yà láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan. Ẹyẹ á fò lọ ní tirẹ̀, ìyẹ́ rẹ̀ á sì wà nílẹ̀ ní ọ̀nà méjìlá, kálukú pẹ̀lú ibi tó wà. Nígbà tí mo kọ́kọ́ ka ìtàn yìí, àwọn ọdẹ ìlú wa ni mo rántí. Mo wò ó pé bí ọdẹ kan bá rí irú ìbọn báyìí, inú igbó ló máa kú sí, kò ní wálé mọ́.

Ẹlòmíì tí mi ò lè ṣàì dárúkọ ni Loie Fuller. Amẹ́ríkà ni wọ́n bí i sí ní 1862, Párìsì ló ti di ìlúmọ̀ọ́ká. Aṣọ ṣẹ́dà tó fẹ̀ rẹpẹtẹ ló ń wọ̀ jó. Ó fi ọ̀pá sínú rẹ̀ kí ọwọ́ rẹ̀ lè gùn, ó ní kí wọ́n pa gbogbo iná, kí wọ́n wá tan iná aláràbarà sí òun lára láti ìsàlẹ̀ àti láti ẹ̀gbẹ́. Òun fúnra rẹ̀ a máa po kẹ́míkà, a máa wá àwọ̀ tí ẹnìkan kò tíì tan rí. Nígbà tó gbọ́ pé Marie àti Pierre Curie ti rí rédíọ̀mù, èyí tó ń tàn fúnra rẹ̀ lókùnkùn, ó kọ̀wé sí wọn pé òun fẹ́ fi ṣe aṣọ ijó. Wọ́n fèsì pé kò ṣeé ṣe, wọ́n sì ṣàlàyé ìdí rẹ̀ fún un. Ó lọ jó fún wọn nílé láti fi dúpẹ́, wọ́n sì di ọ̀rẹ́.

Mo fẹ́ràn ìtàn yìí ju bí mo ṣe lè sọ lọ. Oníjó béèrè nǹkan lọ́wọ́ onísáyẹ́ǹsì, wọn kò fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Wọ́n dá a lóhùn bí ènìyàn tó mọ ohun tó ń wá. Bí mo bá sì ń wo àwọn àwòrán obìnrin yìí, tí aṣọ bò ó mọ́lẹ̀ tí a kò rí ojú rẹ̀ mọ́, tí aṣọ náà dìde dúró lókè orí rẹ̀, egúngún ni mo ń rí. Nílé wa, a ti mọ̀ pé aṣọ lè jó, pé bí abala rẹ̀ bá dìde nígbà tí egúngún bá fò yí, atẹ́gùn tí ojú kò rí ni a ń rí yẹn. Eégún apidán á wọlé ní ènìyàn, á jáde ní erè, á tún di ọ̀nì lójú agbo. Ìdán ni wọ́n ń pè é. Iṣẹ́ ọwọ́ ni, ìmọ̀ ni, ìpamọ́ sì ni.

Ìpamọ́ yẹn gan-an ni mo kùnà níbẹ̀. Mo ń bọ̀ wá síbẹ̀.

Láti 1968 tí Yunifásítì Ifẹ̀ ti dá ibùdó Orí Olókun sílẹ̀ láàrin ìlú, tí Ọlá Rótìmí ń kó òṣèré àti ará àdúgbò jọ síbẹ̀, ó ti wà nínú àṣà ilé ẹ̀kọ́ wa pé kí eré jáde kúrò nínú ọgbà. Èmi náà kò fẹ́ kí iṣẹ́ mi há sínú gbọ̀ngàn. Àgbàlá ilé kan ní Ìrẹmọ ni mo tọrọ. A fi àga onírọ́bà kún un, a gbé jẹnẹrétọ̀ lọ sẹ́yìnkùlé kí ariwo rẹ̀ má bo ìlù mọ́lẹ̀, mo sì ta aṣọ mi láàárín igi máńgòrò méjì. Bí ọgọ́ta ènìyàn ló wá, ìdajì wọn ọmọdé.

Mo kọ́kọ́ fi ẹ̀jẹ̀ hàn wọ́n. Ẹ̀jẹ̀ ẹni tí ibà ń ṣe, lórí gíláàsì pẹlẹbẹ, tí a sọ di ńlá ní ìlọ́po 1000. Àwọn ẹ̀yà ẹ̀jẹ̀ tẹ́ lára aṣọ bí owó ẹyọ tí wọ́n dà sílẹ̀, kòkòrò ibà sì wà nínú díẹ̀ lára wọn bí òrùka kékeré aláró. Mo ní, "Ẹ wò ó, bí ibà ṣe rí nìyí." Ẹnu ya wọ́n. Ìyá kan gbé ọmọ rẹ̀ mọ́ra. Lẹ́yìn ìyẹn ni mo ṣí fíìmù aró. Mo ti yà á fún odidi ìṣẹ́jú mẹ́fà, aṣọ láti àwọ̀ ewé títí di dúdú, mo sì gé e kù sí ìṣẹ́jú àáyá mẹ́jọ. Bàtá sáré, aṣọ náà sáré, oníjó fò, búlúù gba gbogbo ojú aṣọ bí ìgbà tí ẹkùn omi ya. Wọ́n pàtẹ́wọ́ gan-an.

Ìyá kan wà lórí odó tí wọ́n dojú rẹ̀ dé, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, tí kò pàtẹ́wọ́. Ìyá Aláró ni gbogbo àdúgbò ń pè é. Èékánná rẹ̀ ṣì ní àmì iṣẹ́ náà bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ti pẹ́ tó ti fi ìkòkò sílẹ̀. Nígbà tí àwọn ènìyàn ń túká, ó ní kí n wá. Mo kúnlẹ̀.

"Ọmọ mi, o kú iṣẹ́. Aró wo lẹ fi pa ẹ̀jẹ̀ yẹn?"

Mo ní, "Ẹ̀jẹ̀ gidi ni, mà."

"Mo mọ̀ pé ẹ̀jẹ̀ ni. Ẹ̀jẹ̀ kì í ní aró nínú. Ẹnìkan ló pa á láró. Ta ni?"

Ó tọ̀nà. Kòkòrò ibà kò ní àwọ̀ aró kankan. Bí gíláàsì ló rí nínú ẹ̀jẹ̀. Laveran, dókítà ọmọ ilẹ̀ Faransé tó kọ́kọ́ rí i ní Àlgéríà ní 1880, rí i láìsí aró rárá, ìrìn rẹ̀ ló fi mọ̀ ọ́n. Aró tí wọ́n ń kì í bọ̀ ló sọ ọ́ di òrùka búlúù. Mo ṣàlàyé gbogbo rẹ̀ fún Ìyá. Ó mi orí, ó ní, "Ẹ̀hẹ́n." Ó wá béèrè èkejì.

"Aṣọ yẹn ńkọ́? Kí ló ń lé e?"

Mo ní àwọn ènìyàn kò ní sùúrù mọ́, pé bí mo bá jẹ́ kó pẹ́ bó ṣe ń pẹ́, wọn á gbé fóònù wọn jáde. Ó wo gbogbo àgbàlá náà, ó tún wò mí. "Àwa tí a jókòó síbí láti ìrọ̀lẹ́, ta ni nínú wa tó ní òun fẹ́ lọ síbì kan?"

Mi ò sùn dáadáa lálẹ́ ọjọ́ náà. Kì í ṣe pé mo kàn án lábùkù láti fi aró sí nǹkan. Onísáyẹ́ǹsì ń pa nǹkan láró kó tó lè rí i; kò sí bí a ṣe fẹ́ ṣe é. Paul Ehrlich, dókítà ará Jámánì kan, fi aró búlúù kan tí wọ́n ń pè ní methylene blue wá kòkòrò ibà rí, nígbà tó sì rí bí aró náà ṣe ń lẹ̀ mọ́ kòkòrò ọ̀hún, ó rò ó pé bóyá ó lè pa á. Ní 1891, òun àti ẹnìkejì rẹ̀ fún àwọn aláìsàn méjì ní aró yẹn lò, ara wọn sì yá. Marey náà dá àkókò dúró kó tó lè rí ìyẹ́ ẹyẹ. Ohun tó dùn mí ni pé ní láàbù, mi ò jẹ́ gbé àwòrán kan sílẹ̀ láìkọ ọ́ sínú ìwé pé aró báyìí ni mo lò, ìṣẹ́jú báyìí ni mo fi rẹ ẹ́, ìlọ́po báyìí ni mo fi sọ ọ́ di ńlá. Ẹni tó bá ka ìwé mi á mọ ibi tí ọwọ́ mi kàn. Ní Ìrẹmọ, mo da ìwé yẹn nù. Mo gbé ohun tí mo ti fọwọ́ kàn síwájú àwọn ènìyàn mi, mo ní bí ó ṣe rí nìyí. Mo rò pé ìwé wà fún àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n, ìyanu sì wà fún ará àdúgbò. Ọ̀rọ̀ yẹn kò dára lẹ́nu mi, kò sì dára lọ́wọ́ mi.

Mo padà lọ bá Ìyá ní ọjọ́ kẹta, mo bẹ̀ ẹ́ pé kó wá bá mi ṣe eré náà. Ó ní orúnkún ń dun òun. Lẹ́yìn ìyẹn ló béèrè irú ìkòkò tí mo ní.

Oṣù mẹ́ta la fi ṣiṣẹ́. Ọ̀rọ̀ ìwé láàbù kọ́kọ́ ṣòro. Bí mo bá ń kà á jáde láàárín eré, eré náà á kú. Akéwì wa ló ní kí n kó gbogbo rẹ̀ fún òun, ó sì sọ ọ́ di oríkì. Bí ẹ̀jẹ̀ bá ti yọ, á ké e jáde pé ẹ̀jẹ̀ aláìmúra lo ti wà tẹ́lẹ̀, aró ló wọ̀ ọ́ láṣọ, ìlọ́po ẹgbẹ̀rún lo fi ga ju ara rẹ lọ. Ìlù á gbè é. Ọmọdé méjì nínú àwọn tó ń wá wo ìgbìdánwò wa ti mọ̀ ọ́n sórí kí oṣù kìn-ín-ní tó pé.

Ìṣòro kejì jù bẹ́ẹ̀ lọ. Mo fẹ́ kí Ìyá yọ aṣọ gidi nínú ìkòkò lójú agbo, kíjìpá funfun, kó yí bó ṣe ń yí, kí n sì wá tan àwòrán ẹ̀jẹ̀ sára aṣọ yẹn kan náà. A dán an wò. Aṣọ náà gbé ìmọ́lẹ̀ mì. Aṣọ dúdú kì í dá ìmọ́lẹ̀ padà, mo sì yẹ kí n ti mọ̀. Gbogbo ẹ̀jẹ̀ ọ̀hún kò ju kùrukùru lọ. Mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Ìyá ní kí n mú ìko wá. Ó ká àárín aṣọ mìíràn jọ, ó wé e, ó fi ìko dì í le títí tí iṣan ọwọ́ rẹ̀ fi yọ. "Oṣù bàmbà ni a ó ṣe sí i," ló wí. Oṣù bàmbà, òṣùpá ńlá, bátànì àdìrẹ oníko tí mo ti ń rí lára ìró láti kékeré. "Ibi tí aró kò bá dé, iná rẹ á ráyè níbẹ̀."

Nígbà tí a tú ìko náà, òbìrí funfun kan yọ láàárín dúdú, etí rẹ̀ rí wúruwùru. Mo tan ẹ̀jẹ̀ sínú rẹ̀. Bó ṣe máa ń rí nìyẹn gẹ́lẹ́ téèyàn bá gbé ojú lé maikrosikópù: òbìrí ìmọ́lẹ̀ kan ṣoṣo, òkùnkùn yí i ká. Mi ò lè sọ̀rọ̀. Ìyá ní ṣé ó tóbi tó.

Ní alẹ́ eré, nígbà tí aṣọ jáde nínú ìkòkò, àwọn onílù gbé ọwọ́ sílẹ̀. Ìṣẹ́jú mẹ́fà. Ẹ̀rù bà mí ní ìṣẹ́jú kìn-ín-ní. Ọ̀kadà kan kọjá lóde, ẹnìkan wúkọ́, ọmọ kan béèrè bóyá ó ti parí. Ní ìṣẹ́jú kejì ni etí aṣọ bẹ̀rẹ̀ sí í yí, mo sì gbọ́ tí ọmọ yẹn ní, "Háà." Ní ìṣẹ́jú kẹta, àwọn tó wà lẹ́yìn ti dìde, wọ́n ń súnmọ́ iwájú, wọn kò fọhùn. Bàbá Ìjẹ̀ṣà kan tó ti dàgbà wá lóṣòó sí ìdí okùn gan-an, ó ní, "Òṣómàáló ni wá. N óò lóṣòó síbí títí yóò fi dúdú ni." Ó sì lóṣòó títí. Ibi tí wọ́n ti ń wo ilà ewé tó kẹ́yìn nínú ìṣẹ́po, mo wo ojú wọn, mo rí ojú àwa ọmọdé ní Iléṣà.

Mo máa ń yà sọ́dọ̀ Ìyá báyìí bí mo bá ń ti yunifásítì bọ̀. Mo máa ń mú nǹkan lọ fún un wò. Mo sọ fún un nípa iṣẹ́ Abidemi Babatunde Babalola, onímọ̀ tó ń wú ohun àtijọ́ jáde nínú ilẹ̀, àti àwọn tó bá a ṣiṣẹ́ ní Igbó Olókun nílùú Ifẹ̀ níbí, bí wọ́n ṣe wú ìlẹ̀kẹ̀ tó lé ní 12,000 jáde níbẹ̀, tí àyẹ̀wò sì fi hàn pé àwọn ará Ifẹ̀ ló fúnra wọn po iyanrìn yọ́ di gíláàsì, kí òyìnbó kankan tó tẹ etíkun wa. Mo sọ fún un pé irú ṣẹ̀gi kan wà tó jẹ́ pé bó bá wà lórí àtẹ́lẹwọ́, búlúù ni. Bí o bá gbé e sójú oòrùn, á di àwọ̀ ewé àti ìyeyè. Ìyá ní, "Bí aṣọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde." Mi ò tíì ronú kàn án títí ó fi sọ ọ́.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ìyẹ́ ẹyẹ méjì ni mo mú lọ, èyí tí ọ̀rẹ́ mi tó ń ṣiṣẹ́ lórí ẹyẹ yá mi. Mo kọ́kọ́ fún un ní ti àlùkò, èyí tó pupa láti apá rẹ̀. Mo ní pupa yìí, bàbà ló wà nínú rẹ̀, pé onímọ̀ kẹ́mísírì ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan, Arthur Church, ló rí i ní 1869, pé omi tó bá korò bíi ti sóódà lè yọ àwọ̀ náà jáde. Bàbà yìí náà ni àwọn baba wa yọ́ tí wọ́n fi rọ àwọn orí tí wọ́n hú jáde ní agbo ilé Wúnmọníjẹ̀ nílùú Ifẹ̀ ní 1938. Ìyá gbé ìyẹ́ náà sórí itan rẹ̀. Ó ní, "Àlùkò ló losùn lóòótọ́."

Mo wá gbé ti agbe fún un. Mo ní, "Èyí ńkọ́, Ìyá, kò sí aró kankan nínú rẹ̀." Ó wò mí bí ẹni pé mo bú ẹnìkan. Mo ní kó gbé e sójú ọ̀run, kó jẹ́ kí oòrùn gba ẹ̀yìn rẹ̀ wá. Ó gbé e. Búlúù náà lọ. Ó kù bí ewé gbígbẹ. Ó gbé e wálẹ̀, búlúù padà. Mo ṣàlàyé pé bí ìyẹ́ náà ṣe hun ara rẹ̀ ló ń da búlúù inú ìmọ́lẹ̀ padà sí wa lójú, pé bí èèyàn bá lọ̀ ọ́ kúnná, búlúù náà kò ní sí mọ́, torí kò fìgbà kan jẹ́ pé ẹnìkan rẹ ẹ́ láró.

Ìyá dákẹ́ pẹ́. Ó tún gbé ìyẹ́ náà sókè, ó tún gbé e wálẹ̀.

"Abájọ," ló wí. "Abájọ tí kì í fi í ráhùn rẹ̀."

Oòrùn ti ń lọ sẹ́yìn ilé. Ó ń yí ìyẹ́ náà síwá sẹ́yìn, mo sì rí i pé kò ní fún mi padà lọ́jọ́ yẹn. Ó ní kí n tètè dé lọ́la, kí n má wọ aṣọ tó dára, pé ẹlú tí a rẹ ti pé ọjọ́ méje.